Ojú tí wọ́n mọ̀ mọ́ ọ: ìdáhùn fún ọmọbìnrin òṣèré kan ní Ìkòròdú

Ọmọbìnrin kan kọ̀wé sí mi báyìí pé:

"Màmá, ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ ọdún 33 ni mí, ìtòsí Ìta-Ẹlẹ́wà ní Ìkòròdú ni mò ń gbé. Ó di ọdún keje tí mo ti ń ṣe fíìmù. Láti ìgbà tí mo ti ṣe ìyá àjẹ́ lẹ́ẹ̀kan, kò sẹ́ni tó tún fún mi ní ipa mìíràn. Bí n kò bá ṣe àjẹ́, orogún tó ń po májèlé ni mo máa ṣe. Ìran méjì, ìran mẹ́ta, wọ́n á ní kí n máa lọ. Mo máa ń kọ ìtàn pẹ̀lú. Mo sọ ọ̀kan fún olóòtú kan lọ́dún tó kọjá, àfi bí mo ṣe rí i lórí YouTube, orúkọ mi kò sí níbẹ̀. Ìyá àfẹ́sọ́nà mi sì ti ń béèrè irú iṣẹ́ tí mò ń ṣe. Ṣé kí n fi eré sílẹ̀, kí n jókòó ti ìwé kíkọ? Àbí kí n kọ̀ bí wọ́n bá tún pè mí fún àjẹ́? Olùdarí kan tiẹ̀ ní kí n fá irun òkè ojú mi, kí ojú mi lè túbọ̀ máa dẹ́rù bani. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn."

Ọmọ mi, mo ka ìwé rẹ lẹ́ẹ̀mejì. Má fi eré sílẹ̀, má sì kọ ipa àjẹ́. Èyí tó yẹ kí o bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ni àjẹ́ tí kò ní ìtàn, èyí tó kàn yọ lójijì, tó rẹ́rìn-ín, tó pa ọmọ ọlọ́mọ, tí babaláwo sì fi ọfọ̀ gbé ṣubú. Ìwọ tí o mọ ìtàn kọ lo lè wá ìtàn fún un. Màá ṣàlàyé rẹ̀ kó gùn díẹ̀, nítorí pé kò sẹ́ni tó ṣàlàyé rẹ̀ fún èmi nígbà tí mo wà lọ́jọ́ orí rẹ.

Ọdún 1985 ni mo wọ ẹgbẹ́ eré alárìnjó. Ọmọ ogún ọdún ni mí. Ohùn mi nípọn, mo sì ga, ni ọ̀gá wa bá da ẹfun sí mi lórí ní ọ̀sẹ̀ kejì tí mo dé, ó ní èmi ni ìyá arúgbó. Láti ọjọ́ yẹn, n kò ṣe ìyàwó àṣẹ̀ṣẹ̀gbé rí. Mo sunkún nítorí rẹ̀, kò sí irọ́ níbẹ̀. Àwọn tí a jọ wọlé ń ṣe ọmọge, àwọn ọkùnrin ń náwó fún wọn lórí ìtàgé, èmi ń fi ọ̀pá tilẹ̀ lẹ́yìn wọn. Ṣùgbọ́n nígbà tó máa fi di ọdún kẹwàá, àwọn ọmọge náà ti dàgbà ju ipa wọn lọ, ẹgbẹ́ ti mú àwọn ọ̀dọ́ mìíràn. Èmi ṣì ń ṣe arúgbó. Nísinsìnyí n kò tún nílò ẹfun, wọ́n ṣì ń pè mí láti Ẹbùtè níbí lọ sí Abẹ́òkúta, lọ sí Ìbàdàn.

Ìyẹn ni mo ṣe ń sọ fún ọ pé ojú tí wọ́n mọ̀ mọ́ èèyàn, oko ni. Wo Fọlákẹ́ Àrẹ̀mú. Mélòó nínú wa ló mọ̀ ọ́n sí Fọlákẹ́? Òrìṣàbùnmi tó jẹ́ nínú eré Jímọ̀ Àlíù ló di orúkọ rẹ̀, Òrìṣàbùnmi náà sì ni gbogbo ilẹ̀ Yorùbá sunkún nígbà tó kú ní oṣù kìíní ọdún 2021. Wo Ìyá Gbọnkan, tó jẹ́ pé kí kámẹ́rà kàn dúró sí ojú rẹ̀ ni, ọmọdé ti sá wọ yàrá. Charles Olúmọ tí a mọ̀ sí Àgbákò fi ipa ìkà ṣiṣẹ́ ṣe títí ó fi dàgbà, ọmọ ọdún 101 ni nígbà tó papòdà lọ́dún 2024. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tí ẹnikẹ́ni lè gba ipa rẹ̀. Bí olóòtú bá pàdánù ọmọge kan, á rí ogún mìíràn ní Sábó kí ilẹ̀ tó ṣú. Bí ó bá pàdánù Àgbákò, fíìmù rẹ̀ dúró nìyẹn.

Àmọ́ àwọn èèyàn wọ̀nyí kì í ṣe ojú lásán. Wọ́n mọ ohun tí ẹni tí wọ́n ń ṣe mọ̀. Ibẹ̀ ni mo ti fẹ́ bi ọ́ ní ìbéèrè kan: nígbà tí wọ́n ní kí o pe ọfọ̀ nínú fíìmù tí o ṣe kẹ́yìn, ta ló kọ ọ̀rọ̀ tí o pè?

Mo ti wà ní lókéṣàn, ibi tí a ti ń ya fíìmù, tí olùdarí ní kí òṣèré "ṣáà máa pe nǹkan", ọmọ náà sì ń pariwo ohun tí kò ní orí tí kò ní ìrù. Ó dùn mí wọra, nítorí pé ọfọ̀ kì í ṣe ariwo. Orí ọ̀rọ̀ ni ọfọ̀ ti ń gba agbára. Nígbà tí àgbà bá ní "tẹ̀tẹ̀ kì í tẹ́ láwùjọ ẹ̀fọ́", gbọ́ bí tẹ̀tẹ̀ tó jẹ́ ẹ̀fọ́ ṣe ń pe tẹ́ tó jẹ́ ìtìjú, tó sì ń lé e sẹ́yìn. Orúkọ ewé náà ló ń ṣiṣẹ́. Àyájọ́ yàtọ̀ sí èyí: ìtàn ni àyájọ́ máa ń tọ́ka sí, ohun tó ṣẹlẹ̀ níjọ́ àkọ́kọ́ tí ẹnì kan ṣe é tó jẹ́, kó lè tún jẹ́ lónìí. Ẹsẹ Ifá tún ní ètò tirẹ̀: ó ní awo tó dífá, ó ní ẹni tí wọ́n dá a fún, ó ní ẹbọ tí wọ́n ní kó rú àti ohun tó gbẹ̀yìn rẹ̀. Bí o bá mọ mẹ́ta yìí sọ́tọ̀ọ̀tọ̀, o ti ga ju ọ̀pọ̀ àwọn tó ń kọ fíìmù awo lọ. Lọ bá àwọn àgbà obìnrin àdúgbò rẹ, kí o bá wọn ṣa ẹ̀fọ́, kí o máa gbọ́ ẹnu wọn. Má gba ọfọ̀ tí ẹnì kan ń lò fún ara rẹ̀ kí o gbé e sójú kámẹ́rà, ìyẹn kò tọ́. Kọ́ bí wọ́n ṣe ń hun ún, kí o hun tìrẹ. Nígbà kan, mo hun ọ̀kan fún opó tí àna rẹ̀ fẹ́ lé jáde nílé ọkọ: "Ilẹ̀kùn kì í ṣí kó má kùn. Ẹni tó ní kí n jáde nílé yìí, ẹ̀yìn ilẹ̀kùn ni kó ti máa kùn." Olùdarí ní òun kò gbọ́ ọ rí. Mo ní kò lè gbọ́ ọ rí, àárọ̀ òní ni mo kọ ọ́.

O wá rí i pé kíkọ àti ṣíṣe kò yà sọ́tọ̀. Nínú ẹgbẹ́ alárìnjó, ọ̀gá á sọ egungun ìtàn fún wa, àwa òṣèré la máa ń fi ẹran bò ó lórí ìtàgé. Gbogbo wa la ń kọ̀wé láìmú bírò dání. Hubert Ògúndé ló dá ìtàn fíìmù Ayé sílẹ̀, òun náà ló bọ́ sójú agbo gẹ́gẹ́ bí Ọ̀ṣẹ́túrá, babaláwo tó dojú kọ àwọn àjẹ́. Nígbà tí ó fi fíìmù Jáiyésinmi tẹ̀lé e lọ́dún 1980, ó ti mọ ohun tí ojú rẹ̀ ń ṣe fún àwọn tó ń wò ó, ó sì ń kọ̀wé tọ ojú náà. Alàgbà Yẹ́kínì Àjíléye tó gbé Kòtò Ọ̀run àti Kòtò Ayé jáde, òṣèré ni, òǹkọ̀wé sì ni.

Ẹni tí mo fẹ́ kí o wò jù ni Adébáyọ̀ Fálétí. Akéwì ni, òǹkọ̀wé ni, ó ti ṣiṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n kí fíìmù àgbéléwò tó dé rárá. Nígbà tí Túndé Kèlání ṣe Ṣaworoidẹ lọ́dún 1999, Akínwùmí Ìṣọ̀lá ló kọ ọ́, Fálétí sì ṣe Ọ̀pálàbà. Ó ti dàgbà gan-an nígbà náà. Òun kọ́ ni ọba inú eré náà, kì í ṣe ọmọ ọba, kò gba ìyàwó ẹnikẹ́ni. Àgbàlagbà kan ni, tó ń lọ tó ń bọ̀, tó ń fi òwe àti orin sọ ohun tí àwọn ìjòyè ń bò mọ́lẹ̀. Lónìí, bí o bá dárúkọ fíìmù náà fún ẹni tó wò ó, Ọ̀pálàbà ni á kọ́kọ́ mẹ́nu bà. Mo gbà pé nítorí pé òǹkọ̀wé ló ṣe é ni. Ẹni tó ti fi gbogbo ayé rẹ̀ wọn ọ̀rọ̀ mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ti wúwo, kò ní sáré kọjá níbẹ̀.

Fálétí kan náà ló ni ìtàn tí wọ́n fi ṣe Thunderbolt: Mágùn, tó jáde lọ́dún 2001. Ronú sí i. Mágùn jẹ́ ohun tí òǹkọ̀wé mìíràn ì bá fi iná àti èéfín kún. Àmọ́ ohun tó gbé ìtàn náà ró ni ọkọ kan tí kò gbẹ́kẹ̀ lé ìyàwó rẹ̀. Oògùn náà ń ṣiṣẹ́ lára obìnrin, ṣùgbọ́n inú ọkọ ni àìsàn wà. Nígbàkígbà tí o bá fẹ́ kọ ìtàn awo, kọ́kọ́ wá ohun tí ń jẹ àwọn èèyàn inú rẹ̀ lọ́kàn kí o tó wá oògùn tí wọ́n á lò.

Ó yá, jẹ́ kí n fi iṣẹ́ hàn ọ́. O ní gbogbo èèyàn tó bá rí ọ ti gbà pé àjẹ́ ni ọ́. Ọrọ̀ ni ìyẹn fún ẹni tó ń kọ ìtàn! Kámẹ́rà kò tíì gbé ojú rẹ tán tí àwọn tó ń wò ọ́ ti dá ẹjọ́. Òṣèré mìíràn á fi ìran márùn-ún wá ìdájọ́ yẹn, ìwọ ti gbà á lọ́fẹ̀ẹ́. Lo ìdájọ́ wọn, kí o sì jẹ́ kó yí wọn lọ́wọ́ nígbà tó bá yá.

Bí èmi ni ìwọ, ohun tí màá kọ nìyí. O mọ̀ pé nílùú wa níbí, bí ọjọ́ Orò bá pé, obìnrin kì í jáde. Obìnrin mẹ́ta wà nínú ilé kan ní Ìkòròdú lọ́jọ́ náà: ìyá ọkọ, ìyàwó, àti ayálégbé kan tí ń gbé yàrá ẹ̀yìn. Ọmọ ilé náà ti kú ní oṣù tó kọjá. Wòlíì kan ti sọ fún ìyàwó pé inú ilé ni ọ̀tá wà. Láti àárọ̀ títí ilẹ̀ á fi ṣú, kò sí ibi tí ẹnikẹ́ni lè sá sí. Ìkòkò ọbẹ̀ kan, kànga kan, ilẹ̀kùn kan. Ìwọ ni ayálégbé. Gbogbo ohun tí o bá ṣe ló dà bí ẹ̀rí: o jí kí àwọn yòókù tó jí, o dá ọbẹ̀ tìrẹ sè, o ń bá ara rẹ sọ̀rọ̀ ní kọ̀rọ̀. Òǹwòran ti dá ọ lẹ́bi. Níkẹyìn la máa tó mọ̀ pé orúkọ ọmọ tìrẹ tó kú ni o ń pè ní kọ̀rọ̀, àti pé ẹni tó ń bu nǹkan sínú omi ọmọ ilé náà, ẹlòmíì ni.

Wo ohun tí ìtàn yìí kò ní béèrè lọ́wọ́ rẹ. Kò sí igbó tí o máa sanwó fún, kò sí ẹṣin, kò sí aṣọ ogun, kò sí ọgọ́rùn-ún èèyàn tó máa jẹun. Ìlù àti ohùn láti òde nìkan ni ẹ̀rù, kámẹ́rà kò sì gbọ́dọ̀ jáde nínú ilé. Ohun tí obìnrin kì í rí, má kọ ọ́ sí ìran kankan. Kò tọ́, ìtàn náà kò sì nílò rẹ̀. Lọ fi sùúrù bi àwọn àgbà ìlú ohun tó yẹ kí a gbọ́ àti èyí tí kò yẹ. Kí ìyá ọkọ máa sọ èdè ibí gan-an, Yorùbá ti Ìkòròdú tó sún mọ́ Ìjẹ̀bú, kì í ṣe Yorùbá orí rédíò. Ọ̀pọ̀ fíìmù ayé àtijọ́ ti sọ wá di ará ìlú kan náà, aṣọ òfì kan náà, ààfin kan náà, bẹ́ẹ̀ ọ̀sà wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa níbí, a ní ẹja, a ní àwọn tó ń wa iyanrìn, kò sì sẹ́ni tó kọ nípa wọn.

Kí o má sì ronú pé àìsí owó á dí ọ lọ́wọ́. Àwọn ọmọ Ikorodu Bois, ọmọ àdúgbò wa, fi igi àti ohun èlò inú ilé ṣe àwòkọ ìpolówó fíìmù Extraction lọ́dún 2020, àwọn tó ṣe fíìmù náà gan-an sì yìn wọ́n ní gbangba. Inú mi dùn títí mo fi pe àwọn ọmọ mi láti fi hàn wọ́n.

Ọ̀rọ̀ ìtàn rẹ tí wọ́n gbà wá kàn. Ó ṣẹlẹ̀ sí èmi náà. Inú bọ́ọ̀sì tí ń gbé wa lọ sí lókéṣàn ni mo ti fi ẹnu ara mi sọ ìtàn fún olóòtú kan, ọ̀nà jìn, mo sì fẹ́ kó mọ̀ pé mo gbọ́n. Ọdún kan lẹ́yìn rẹ̀, mo bá ìtàn náà pàdé nínú fíìmù, wọ́n tiẹ̀ pè mí wá ṣe ìran méjì nínú rẹ̀. Mo ṣe é, nítorí pé mo nílò owó. N kò tíì gbàgbé.

Ohun tí mo kọ́ níbẹ̀ rèé. Òfin ẹ̀tọ́ àwòkọ ti ọdún 2022 tí a ń lò ní Nàìjíríà kò dáàbò bo èrò tó wà lórí ahọ́n. Ohun tí o bá ti gbé kalẹ̀ síbi tó ṣeé rí tàbí tó ṣeé gbọ́ ló ń dáàbò bò. Nítorí náà, kí o tó sọ̀rọ̀, kọ ọ́: ìran kọ̀ọ̀kan, ohun tí wọ́n sọ, ibi tó ti ṣẹlẹ̀. Fi í ránṣẹ́ sí ímeèlì ara rẹ kí ọjọ́ rẹ̀ wà níbẹ̀. Àjọ tó ń rí sí ẹ̀tọ́ àwòkọ, Nigerian Copyright Commission, ń gba àkọsílẹ̀ iṣẹ́ sílẹ̀. Òfin náà sọ pé bí ẹnikẹ́ni bá máa gba ẹ̀tọ́ náà kúrò lọ́wọ́ rẹ pátápátá, ó gbọ́dọ̀ wà nínú ìwé. Ọ̀rọ̀ ẹnu kò tó. Ẹ̀tọ́ ìwé tí o kọ máa wà títí di 70 ọdún lẹ́yìn ikú rẹ, ìyẹn ni pé ohun tí o bá fi tọwọ́tẹsẹ̀ fún ẹni tó gbé ẹgbẹ̀rún díẹ̀ lé ọ lọ́wọ́, ọmọ ọmọ rẹ lo gbà á lọ́wọ́ wọn.

Ní ti èyí tí wọ́n ti ṣe, bí ó bá jẹ́ ẹnu nìkan lo fi sọ ọ́, ó máa ṣòro. Àmọ́ wo fóònù rẹ. Bí o bá ti fi ohùn tàbí àkọsílẹ̀ ránṣẹ́ sí i lórí WhatsApp, má pa á rẹ́. Kọ̀wé sí i pẹ̀lú ọ̀wọ̀, sọ pé kó fi orúkọ rẹ sábẹ́ fíídíò náà gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ni ìtàn. Ọ̀pọ̀ wọn á ṣe bẹ́ẹ̀ tí wọ́n bá rí i pé ẹ̀rí wà. Bí ó bá kọ̀, gbé e lọ síwájú àwọn àgbà nínú TAMPAN, ẹgbẹ́ àwa òṣèré àti olóòtú fíìmù, kí o tó wá agbẹjọ́rò.

Owó ńkọ́? Iṣẹ́ wa ní àáró nínú, o sì mọ̀ ọ́n: mo bá ọ ṣe tìrẹ, o bá mi ṣe tèmi, kò sẹ́ni tó ń ka owó. Ohun tó dára ni. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ wa ti rí èèyàn ṣe fíìmù àkọ́kọ́ wa. Ṣùgbọ́n ẹni tó ní oko ló ń pa àáró. Ọdún méje lo ti fi ń roko olóko, tìrẹ kò sí nílẹ̀ tí wọ́n á bá ọ ro. Kọ orúkọ gbogbo àwọn tí o ti bá ṣiṣẹ́ lọ́fẹ̀ẹ́ sílẹ̀. Ìtàn ilé kan, obìnrin mẹ́ta yẹn, oko rẹ nìyẹn. Pè wọ́n. Fún àwọn tó kù, gba owó rẹ, kí o sì béèrè kí o tó wọ ọkọ̀: ọjọ́ mélòó, ta ló ń san owó ọkọ̀ láti Ìkòròdú, níbo la máa sùn, báwo ni orúkọ mi ṣe máa jáde.

Ìyá àfẹ́sọ́nà rẹ, má bínú sí i. Ó bọ̀wọ̀ fún iṣẹ́ rẹ láìmọ̀, nítorí pé o ṣe é débi pé ó gbà ọ́ gbọ́. Ìyá ọkọ tèmi kò jẹun lọ́wọ́ mi fún oṣù mẹ́ta. Mo mú un lọ sí lókéṣàn lọ́jọ́ kan, ó jókòó sórí àpótí, ó rí bí wọ́n ṣe ń kùn mí lósùn, ó rí bí mo ṣe gbàgbé ọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀mẹrin tí wọ́n sì ń pariwo lé mi lórí. Nígbà tí a fi máa padà sílé, òun ló ń bá mi gbé báàgì. Mú tìrẹ lọ.

Irun òkè ojú, má fá a. Olùdarí yẹn á lò ọ́ fún ọjọ́ méjì, irun náà kò ní hù fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan, bẹ́ẹ̀ ayálégbé tí mo sọ yẹn gbọ́dọ̀ ní ojú ìyá tó ti sunkún. Bí ó bá fẹ́ ẹ̀rù, sọ fún un pé kó gbé iná sílẹ̀ díẹ̀ ní ìsàlẹ̀ àgbọ̀n rẹ, kí ó sì fún ọ láyè láti dákẹ́ kí o tó sọ̀rọ̀. Bí o bá ti kọ ìran mẹ́ta àkọ́kọ́, fi wọ́n ránṣẹ́ sí mi. Mo fẹ́ ṣe ìyá ọkọ.